Èéfín Ń Ta Ìyá Mi Lójú: Ṣé Ohun Tó Ń Ni Ni Lára Lè Di Ẹ̀rọ?

Ìbéèrè: Bàbá wa, ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ ọdún 22 ni mí, mò ń kọ́ iṣẹ́ wẹ́dà ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Gàrí ni ìyá mi ń yan, òun ló fi tọ́ àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Èéfín ibi tí wọ́n ti ń yan án kò jẹ́ kí ojú wọn gbádùn, ó máa ń pọ́n ṣáá, wọ́n sì ń húkọ́ lóru. Ọ̀rọ̀ náà ń bí mi nínú débi pé mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í ya ààrò mìíràn sínú ìwé. Àwọn tí a jọ ń kọ́ṣẹ́ ní kí n fi sílẹ̀, pé òyìnbó tó kàwé rẹpẹtẹ ló ń dá ẹ̀rọ sílẹ̀, kì í ṣe ẹni tí inú ń bí. Ṣé òótọ́ ni wọ́n sọ? Tí kì í bá ṣe òótọ́, ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Ìdáhùn: Ọmọ mi, wọn ò sọ òótọ́ fún ọ. Mo lò ju ọgbọ̀n ọdún lọ nídìí iṣẹ́ irin àti ẹ̀rọ, mo kọ́ ọ̀pọ̀ ọmọ káàkiri Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ kí n tó wá jókòó sílé ní Ìpẹru. Ohun tí mo rí ni pé púpọ̀ nínú ohun èlò tó wà lọ́wọ́ wa lónìí, ẹni tí nǹkan sú ló ṣe é. Nǹkan kan ń ni ín lára láràárọ̀, títí ó fi di ọjọ́ kan tó ní ó tó gẹ́ẹ́.

Àmọ́ n kò ní tàn ọ́. Bí iná bá lọ ní Ìjẹ̀bú-Òde lálẹ́ òní, gbogbo ilé ni yóò pariwo, kò sì sí ẹni tí yóò dá nǹkan sílẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Inú bíbí nìkan ò tó. Ohun tí mo kíyè sí lára àwọn tó ṣe é yọrí ni pé wọn kì í sábà rí ojútùú nínú iṣẹ́ tiwọn. Inú iṣẹ́ ẹlòmíràn ni wọ́n ti ń rí i, lọ́dọ̀ ẹni tó ń ṣe nǹkan tí kò jọ tiwọn rárá. Àwọn àgbà ní ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n kì í jẹ́ ká pe àgbà ní wèrè. Ibẹ̀ ni mo fẹ́ kí o fọkàn sí bí o ti ń kà á lọ.

Ẹ̀yìnkùlé yín ni ká ti bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, páànù ni a fi ń rin ẹ̀gẹ́. Wọ́n á fi ìṣó lu ihò sí i káàkiri, wọ́n á kàn án mọ́ pákó, ẹ̀yìn ibi tí ihò náà ti yọ eyín ni a ó máa fi ẹ̀gẹ́ ha. Bí ẹ̀gẹ́ bá ti kù bíńtín lọ́wọ́, àtàǹpàkò ló kàn. Àpá rẹ̀ ṣì wà lára àtàǹpàkò ọ̀tún mi. Ewùrà tí a ń rin fún ìkọ́kọrẹ́ tún wá ní tiẹ̀, omi rẹ̀ á máa yún ni lọ́wọ́ dé ìgbọ̀nwọ́. Bí a bá rin ẹ̀gẹ́ tán, a ó dì í sínú àpò, a ó gbé òkúta lé e lórí, tàbí ká fi igi há a láàárín ká fi okùn fún un pinpin. Ọjọ́ bíi mélòó kan ni yóò fi wà níbẹ̀, tí omi á máa kán tó, tó, tó.

Lónìí, dé ibi tí wọ́n ti ń ṣe gàrí láàárín Ìjẹ̀bú-Igbó sí Àgọ́-Ìwòyè, wo ohun tí wọ́n fi ń fún ẹ̀gẹ́. Irin méjì ló nàró, òmíràn dábùú lórí wọn. Àpò ẹ̀gẹ́ wà nísàlẹ̀, pákó nípọn wà lórí àpò, jáàkì ọkọ̀ ńlá sì jókòó sórí pákó. Obìnrin kan á di apá jáàkì mú, á máa tẹ̀ ẹ́ lọ sókè sódò, omi funfun bíi wàrà á bẹ̀rẹ̀ sí í ya jáde lára àpò. Inú jáàkì yẹn, epo ló wà níbẹ̀. Apá tí ò ń tẹ̀ ń ti epo láti inú ihò tóóró bọ́ sínú ihò gbòòrò, agbára ọwọ́ rẹ á sì di ìlọ́po-ìlọ́po. Torí kó lè gbé ọkọ̀ akẹ́rù sókè kí wọ́n lè yọ táyà ni wọ́n ṣe ṣe é. Ẹni tó gbé e wá sórí àpò ẹ̀gẹ́ kò dá irin tuntun kankan sílẹ̀. Òkúta ló sú u, ó wá wo ọ̀dọ̀ mẹkáníìkì, ó rí i pé nǹkan wà níbẹ̀ tó mọ̀ ọ́n tẹ̀ ju òkúta lọ.

Jáàkì yìí kan náà ló kọ́ wa pé kì í ṣe gbogbo ohun tó ń pẹ́ ló yẹ ká lé. Ní gbogbo ọjọ́ tí òkúta àtijọ́ ń tẹ ẹ̀gẹ́ ni ẹ̀gẹ́ ń kan. Kíkan yẹn ló ń fún gàrí Ìjẹ̀bú ní adùn tí àwọn ará Èkó fi ń wá a kiri, òun náà ló sì ń bá wa dín oró inú ẹ̀gẹ́ kù. Ẹni tó rin ẹ̀gẹ́ láàárọ̀, tó fi jáàkì fún un lọ́sàn-án, tó yan án lálẹ́, gàrí ló yan lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe gàrí Ìjẹ̀bú. Àwọn tó mọṣẹ́ á jẹ́ kó kan dáadáa kí wọ́n tó gbé jáàkì lé e. Nítorí náà, kí o tó sọ pé nǹkan kan ń dá ìyá rẹ dúró, kọ́kọ́ bi wọ́n léèrè ohun tí ìdádúró yẹn ń ṣe fún wọn.

Wá wo báírò tí o fi kọ lẹ́tà sí mi. Orúkọ èèyàn ni báírò. László Bíró ni wọ́n ń pè é, akọ̀ròyìn ni ní ìlú Budapest, lórílẹ̀-èdè Họ́ńgárì. Kálàmù ìgbà náà ń yọ ọ́ lẹ́nu. Ó ń jò sí i níka, yíǹkì rẹ̀ kì í tètè gbẹ, ọwọ́ á gba orí ọ̀rọ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ, gbogbo ìwé á di àbàwọ́n. Ó kíyè sí i pé yíǹkì tí wọ́n fi ń tẹ ìwé ìròyìn kì í ṣe bẹ́ẹ̀, kíá ló ń gbẹ. Ó rọ irú rẹ̀ sínú kálàmù, ó kọ̀, kò ṣàn, ó ki jù. Ọ̀pọ̀ èèyàn ì bá ti dúró níbẹ̀. Òun àti György ọmọ ìyá rẹ̀, tó mọ̀ nípa pípo èròjà, kò dúró. Wọ́n fi bọ́ọ̀lù irin bíńtín sí ẹnu kálàmù, èyí tó jẹ́ pé bó ti ń yí lórí ìwé ló ń gbé yíǹkì kíki jáde. Ní 1938 ló gba ìwé ẹ̀tọ́ pátẹ́ńtì lórí rẹ̀, ìwé tí kì í jẹ́ kí ẹlòmíràn ṣe é láìgbàṣẹ. Nígbà tí inúnibíni sí àwọn Júù lé e kúrò ní Yúróòpù, Argentina ló ti bá iṣẹ́ náà lọ. Mú báírò rẹ wá sítòsí ojú, yí ẹnu rẹ̀ lórí èékánná rẹ díẹ̀díẹ̀. Wàá rí bọ́ọ̀lù náà tó ń dán. Iṣẹ́ atẹ̀wé àti iṣẹ́ akọ̀ròyìn ló pàdé lẹ́nu rẹ̀.

Omi funfun tí a fi ń pa àṣìṣe rẹ́ lórí ìwé náà ní irú ìtàn yìí. Típẹ́ẹ̀sì ni àwa ń pè é, orúkọ tí ilé-iṣẹ́ kan ní Jámánì fún tiwọn. Àmọ́ ní Amẹ́ríkà, Bette Nesmith Graham ló dá irú omi yìí sílẹ̀, akọ̀wé tó ń tẹ̀wé ní báńkì kan ní ìlú Dallas. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé tó ń lo iná mànàmáná ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, àṣìṣe orí rẹ̀ kò ṣeé fi rọ́bà pa, ẹyọ lẹ́tà kan á mú kí èèyàn tún odindi ojú ìwé tẹ̀. Graham rántí pé àwọn tó ń fi ọ̀dà ya àwòrán kì í pa àṣìṣe rẹ́, ńṣe ni wọ́n ń kùn ún mọ́lẹ̀. Ó po ọ̀dà funfun sínú ìgò, ó mú búrọ́ọ̀ṣì kékeré lọ síbi iṣẹ́. Ní 1979, ilé-iṣẹ́ Gillette san mílíọ̀nù 47.5 dọ́là láti ra ohun tó bẹ̀rẹ̀ nínú ilé ìdáná rẹ̀.

Ìwọ tí ò ń gbé Ìjẹ̀bú-Igbó, etí rẹ ò lè ṣàì mọ ariwo sọ́mìlì. Ọkùnrin òyìnbó kan wà, James Dyson, tí ẹ̀rọ tí ń fa eruku nílé rẹ̀ sú, nítorí pé àpò inú rẹ̀ máa ń dí, tí kò sì ní fa nǹkan kan mọ́. Ó ti rí ohun tí àwọn onísọ́mìlì ìlú wọn fi ń kó eruku pákó: àgbá ńlá tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ tóóró, tí afẹ́fẹ́ ń yí nínú rẹ̀ bí ìjì, tí eruku á gbá mọ́ ara àgbá, tí á sì já bọ́ sílẹ̀ fúnra rẹ̀. Kò sí àpò tí yóò dí. Dyson ní kí ló dé tí irú èyí ò lè kéré kó wọ inú ilé? Ìgbà 5,127 ló ṣe é kó tó rí èyí tó tẹ́ ẹ lọ́rùn, láàárín 1979 sí 1984. Rántí iye yẹn tí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ bá tún fi ọ́ rẹ́rìn-ín lẹ́yìn ìgbà kejì tí ààrò rẹ kọ̀ láti ṣiṣẹ́.

Ẹ̀rọ tí ń pọ owó náà ńkọ́? Òyìnbó kan tó ń jẹ́ John Shepherd-Barron dé báńkì lọ́jọ́ Sátidé kan, wọ́n ti tilẹ̀kùn, kò rówó gbà. Ó ronú kan ẹ̀rọ tí wọ́n máa ń ju owó sí kó tó pọ ṣokoléètì jáde, ó ní kí ó pọ owó dípò ṣokoléètì. Ní ọjọ́ 27 oṣù Kẹfà ọdún 1967, báńkì Barclays fi í sí Enfield ní àríwá London.

Kí o má baà rò pé ilẹ̀ òkèèrè nìkan ni, ẹ̀gbọ́n wa kan wà ní ìpínlẹ̀ Jigawa, Mohammed Bah Abba, olùkọ́ tó wá láti inú ìdílé amọ̀kòkò. Ó rí bí ẹ̀fọ́ àti tòmátò àwọn àgbẹ̀ ṣe ń bàjẹ́ kí ọjà tó tà, kò sì sí iná tí wọ́n fi lè lo fìríìjì. Ìwọ náà mọ àmù tó wà nílé ìyá àgbà, bí omi inú rẹ̀ ti ń tutù láìsí yìnyín. Amọ̀ ń mu omi, omi ń rá kúrò lára rẹ̀ sínú afẹ́fẹ́, bó ti ń lọ ló ń gbé ooru dání lọ. Bah Abba gbé ìkòkò kékeré sínú ìkòkò ńlá, ó da iyanrìn sí àárín méjèèjì, ó ń bu omi rin iyanrìn náà, ó fi aṣọ tútù bo ẹnu rẹ̀. Ikàn tí kì í lò ju ọjọ́ mẹ́ta lọ lo ọjọ́ 27 nínú rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ Rolex tó ń ṣe aago ọwọ́ fún un ní ẹ̀bùn ní 2000.

Inú mi dùn sí iṣẹ́ ọkùnrin yẹn gan-an. Síbẹ̀, nígbà tí ọ̀kan nínú àwọn ọmọ tí mo kọ́ gbé irú ìkòkò yìí kalẹ̀ ní Ṣágámù nínú oṣù Keje, ata inú rẹ̀ hu funfun láàárín ọjọ́ díẹ̀. Ó sunkún. Kì í ṣe pé iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ burú. Afẹ́fẹ́ Jigawa gbẹ, ó ń fa omi. Afẹ́fẹ́ tiwa ní ìgbà òjò ti kún fún omi tẹ́lẹ̀, kò ní àyè tí yóò tún gba ti ara ìkòkò. Nígbà ọyẹ́, ìkòkò kan náà ì bá ṣe dáadáa jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí o bá fẹ́ gba ọgbọ́n ẹlòmíràn, mọ ohun tó ń mú un ṣiṣẹ́ níbi tó ti wá.

Ó yá, ọ̀rọ̀ ààrò ìyá rẹ ló kàn, òun gan-an ló mú mi kọ èyí gùn. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé èéfín ìdáná inú ilé fa ikú èèyàn tó tó mílíọ̀nù 3.2 ní ọdún 2020 nìkan, nítorí náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré ni ò ń bínú sí. Kí o tó mú irin kankan, mú wọn lọ sí ọsibítù kí wọ́n yẹ ojú àti àyà wọn wò. Ààrò tuntun kò lè wo ohun tí èéfín àtijọ́ ti bàjẹ́.

Lẹ́yìn ìyẹn, jókòó tì wọ́n ní odindi ọjọ́ kan tí wọ́n ń yan gàrí, má bá wọn ṣiṣẹ́, máa wò. Èéfín wo gan-an ló ń ta wọ́n lójú? Ó lè jẹ́ èyí tó ń jáde lẹ́nu ààrò níbi tí wọ́n ti ń ki igi bọ̀ ọ́. Ó lè jẹ́ èyí tó ń yọ láàárín etí agbada àti amọ̀, èyí tí mo sábà máa ń bá, nítorí ibẹ̀ ló kọjú sí ojú ẹni tó ń yan án. Ó lè jẹ́ pé igi tútù ni wọ́n ń rà nítorí pé kò wọ́n. Ìkẹrin ni ọ̀pọ̀ èèyàn kì í rí: ooru omi tó ń jáde lára gàrí fúnra rẹ̀ nígbà tó ṣì tutù nínú agbada. Ìyẹn kò bá igi tan, kò sí páìpù èéfín tó lè mú un. Ojú ihò lókè ògiri, lẹ́yìn ibi tí wọ́n jókòó sí àti ní iwájú wọn, kí afẹ́fẹ́ lè gba orí agbada kọjá, ìyẹn ni oògùn rẹ̀. Bí o bá ṣe páìpù tó rẹwà jù láyé, tí ó sì jẹ́ ooru omi ló ń yọ ìyá rẹ lẹ́nu, òfo ni.

Ta ni aládùúgbò tó ti borí èéfín? Lọ sí ilé-búrẹ́dì tó ń fi igi dáná, ní kí wọ́n jẹ́ kí o wo ẹ̀yìn ààrò wọn. Wàá rí ibi tí èéfín ń gbà gun òkè, wàá sì rí i pé páìpù náà ga ju òrùlé lọ. Bí páìpù bá ti ga tó, tí inú rẹ̀ sì gbóná, ni agbára tó fi ń fa èéfín ṣe ń pọ̀ sí i. Lẹ́yìn èyí, tí o bá rí ọ̀nà, sọ̀kalẹ̀ lọ sí ìhà Ìwọ̀pin létí ọ̀sà, lọ́dọ̀ àwọn tó ń yan ẹja. Ìyá rẹ ń sá fún èéfín, àwọn ń wá a. Nítorí pé wọ́n ń wá a, wọ́n mọ gbogbo ọ̀nà tí a fi ń dí ihò kó má sá lọ, ìmọ̀ yẹn gan-an ni yóò sì bá ọ dí etí agbada. Bí a bá rìn jìnnà, a ó rí abuké ọ̀kẹ́rẹ́.

Mo ti rí i níbi púpọ̀ tí wọ́n gbé ẹnu ààrò sí òdìkejì ògiri, tí ẹni tó ń kiná wà níta, tí ẹni tó ń yan gàrí wà nínú. Bí àyè bá wà ní ilé yín, ibẹ̀ ni èmi ì bá ti bẹ̀rẹ̀, ó rọrùn ju páìpù lọ, amọ̀ àti búlọ́ọ̀kù ló ń gbà. Bí o bá máa ṣe páìpù, fi ìdérí kékeré tí a lè ṣí tàbí pa dé sí i lára. Páìpù tó ń fà jù á fa ooru lọ pẹ̀lú èéfín, igi tí ìyá rẹ ń jó á pọ̀ sí i, wọn ò sì ní gbà á lọ́wọ́ rẹ. Gàrí kò fẹ́ iná tó ń bú, iná tó dúró jẹ́jẹ́ ló fẹ́. Níwọ̀n bí o ti jẹ́ wẹ́dà, má lọ jó páìpù omi tí wọ́n fi síǹkì bò. Èéfín tó ń jáde lára rẹ̀ bí a bá ń jó o máa ń fa ibà àti ìfúnpinpin àyà, kò sì yẹ kí a máa lé èéfín kan kí a tún fa òmíràn wọlé.

Kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ọjọ́ wo, igi mélòó, agbada mélòó ni wọ́n yan, ìgbà wo ni wọ́n fi ọwọ́ nu ojú. Ka ìgbà tí wọ́n nu ojú. Bí iye yẹn bá ń dínkù láti ọ̀sẹ̀ dé ọ̀sẹ̀, o ń tọ ọ̀nà.

O ò béèrè nípa owó, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ó wà lọ́kàn rẹ. Ní orílẹ̀-èdè wa, ìwé ẹ̀tọ́ pátẹ́ńtì lè dáàbò bo ohun tuntun tí o dá sílẹ̀ fún 20 ọdún, Abuja ni ilé-iṣẹ́ tó ń forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ wà, àjọ ìjọba àpapọ̀ tí a ń pè ní NOTAP sì ń ran àwọn tó ń dá nǹkan sílẹ̀ lọ́wọ́. Ohun náà gbọ́dọ̀ jẹ́ tuntun. Tí o bá ti fi han gbogbo ayé lórí Facebook kí o tó forúkọ sílẹ̀, o lè ti pàdánù ẹ̀tọ́ yẹn. Ìwé yẹn kò sì ní kí owó wá. Mary Anderson gba tirẹ̀ ní Amẹ́ríkà ní 1903 lórí ohun tí ń nu òjò kúrò lójú gíláàsì ọkọ̀, lẹ́yìn tó rí awakọ̀ tó ń jìyà nínú yìnyín ní New York. Àwọn ilé-iṣẹ́ tó fi lọ̀ ní kò lérè. Ìgbà tí ẹ̀tọ́ rẹ̀ ti parí ni ó wá di ohun tí gbogbo ọkọ̀ ní. Páìpù èéfín kì í ṣe ohun tuntun, má ná owó ìyá rẹ sórí ìwé báyìí. Bó bá di pé o rí ọ̀nà kan tí ẹnì kankan ò tíì gbà dí etí agbada, tó rọrùn láti tú kí wọ́n lè fọ̀ ọ́, nígbà náà, pa ẹnu mọ́, kí o sì wá mi wá.

Ní báyìí, wọn ògiri ibi tí wọ́n ti ń yan gàrí, bó ti ga sí àti bó ti gùn sí. Wọn etí agbada láti ìhà kan dé ìkejì. Fi àmì sí ibi tí afẹ́fẹ́ ń gbà wọlé láàárọ̀ àti lọ́sàn-án, nítorí kì í sábà jẹ́ ibì kan náà. Ya àwòrán rẹ lé e lórí, kí o fi ránṣẹ́ sí mi pẹ̀lú iye ìgbà tí ìyá rẹ nu ojú ní ọjọ́ àkọ́kọ́. Kí wọn fún mi. Mò ń retí rẹ.